Èèyàn inú fíìmù àtijọ́ tí a ò mọ orúkọ wọn: ẹ bá mi dá sí i kí n tó parí ẹ́dítì yìí

Ọmọ_Bẹẹrẹ
Ẹ kú ìkàlẹ̀ o ẹ̀yin èèyàn mi. Mò ń ṣe dọkumẹ́ńtárì kan lórí òwò kòkó n'Ìbàdàn láyé Òyìnbó, iṣẹ́ ti fẹ́ẹ̀ parí, ìdí ẹ́dítì la wà báyìí. Mo rí fíìmù àtijọ́ kan gbà lọ́wọ́ ilé ìkófíìmù pamọ́ kan ní Lọ́ńdọ̀nù, aláwọ̀ ni, kò sí ohùn kankan nínú ẹ̀. Àwọn obìnrin jókòó sílẹ̀ wọ́n ń ṣa kòkó, wọ́n ń yọ èyí tó ti bu sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ọkùnrin kan dúró ti òṣùwọ̀n, àwọn ọmọ kéékèèké ń sáré kiri láàárín àpò. Wàyí o, obìnrin kan wà níbẹ̀ tó gbójú sókè wo kámẹ́rà tààrà, ó lejú mọ́ ọn, ó sọ nǹkan kan, ó wá kẹ̀yìn sí i. Kò pẹ́ rárá, ṣùgbọ́n gbogbo ẹni tí mo bá fi iṣẹ́ yẹn hàn, òun ni wọ́n máa ń béèrè pé ta ni.

Ìwé tí wọ́n fi tì í lẹ́yìn, ohun tó wà nínú ẹ̀ ò ju pé àwọn obìnrin Nàìjíríà ń ṣiṣẹ́ kòkó. Kò sí orúkọ, kò sí àdúgbò, kò sí ọdún. Ẹ́dítọ̀ mi ní ká sọ ọ́ lórúkọ, kí ẹni tó ń sọ̀tàn sí i máa wí pé "Ìyá Àdùkẹ́ ti bímọ márùn-ún, owó ilé ìwé wọn ló ń rò", pé ìyẹn ló máa wọ òǹwòran lọ́kàn. Ara mi ò gbà á. Ṣé mo nílò àṣẹ ẹnikẹ́ni lórí ojú àwọn èèyàn yìí yàtọ̀ sí láísẹ́ǹsì tí mo sanwó ẹ̀? Báwo lèèyàn ṣe ń wá irú ẹni bẹ́ẹ̀? Tí mi ò bá wá rí i ńkọ́, kí ni kí n kọ sábẹ́ ẹ̀? Ó sì ń ṣe mí bíi pé obìnrin yẹn gan-an ò fẹ́ kí wọ́n ya òun.

Báyọ̀_Agéfíìmù
Àbúrò, o ti ro ó jù. Ó ti pẹ́ tí mo ti wà nídìí ẹ́dítì, gbogbo dọkumẹ́ńtárì tí ẹ ń wò ló kún fún èèyàn tí ẹnikẹ́ni ò mọ̀. Èrò ọjà, èrò ọkọ̀, àwọn tó ń juwọ́ sí Ọbabìnrin Elizabeth nígbà tó wá síhìn-ín lọ́dún 1956, ta ló mọ orúkọ wọn? O ti sanwó, lò ó. Ti orúkọ yẹn, ẹ́dítọ̀ ẹ ò purọ́, òǹwòran fẹ́ ẹnì kan tó máa dì mú, tí o bá fi gbogbo wọn sílẹ̀ bí èrò lásán wọ́n á ti máa tẹ fóònù. Tó bá ń dà ọ́ láàmú, kọ ọ́ síparí pé àwọn orúkọ kan jẹ́ àdábọwọ́. Ó parí.

Lọ́yà_Ìkẹjà
Ẹ̀gbọ́n Báyọ̀, kò parí o. Láísẹ́ǹsì tí Ọmọ Bẹẹrẹ rà, àṣẹ lórí fíìmù ni, kò kan àwọn èèyàn inú ẹ̀. Ẹ lọ ka ìwé àdéhùn yẹn dé ìsàlẹ̀, nínú ọ̀pọ̀ irú ìwé bẹ́ẹ̀ ẹ máa rí ibì kan tí wọ́n ti kọ ọ́ pé àwọn ò gba àṣẹ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni tójú ẹ̀ hàn, pé tí wàhálà bá bẹ́ sílẹ̀ ọrùn ẹni tó rà á ló wà. Àwọn tó ń ra fíìmù sórí íntánẹ́ẹ̀tì sì sábà máa ń béèrè ìwé ìnṣọ́ránsì kí wọ́n tó gbà á, àwọn oníìnṣọ́ránsì náà ò sì ní fojú fo irú ojú kan báyìí.

Ní ti òkú, òkú kì í pẹjọ́ pé wọ́n ba òun lórúkọ jẹ́. Òfin dátà ilẹ̀ Yúróòpù gan-an sọ ọ́ gbangba pé òun ò kan òkú. Ṣùgbọ́n ta ló sọ fún yín pé gbogbo wọn ló ti kú? Ká ní 1953 ni wọ́n yà á, ọmọ ọdún márùn-ún tó ń sáré láàárín àpò yẹn, tó bá wà láyé, kò tíì pé ọgọ́rin ọdún. Ẹni yẹn lè gbé yín lọ sí kóòtù, pàápàá tí ẹ bá gbé ìtàn tí kì í ṣe tiẹ̀ kà á lórí. Èrò tó kàn ń kọjá lọ, kò sí wàhálà níbẹ̀. Ẹni tí ẹ bá yọ jáde láàárín èrò, tí ẹ sún kámẹ́rà mọ́ lójú, tí ẹ fún lórúkọ àti ọmọ márùn-ún, ìyẹn ti di ọ̀rọ̀ mìíràn.

Ẹ̀yin tó máa béèrè nípa ọjọ́ orí fíìmù, òfin kọ́píráìtì wa ti 2022 fún fíìmù ní 50 ọdún látìgbà tí wọ́n ti gbé e jáde. Ìyẹn ò ní kí wọ́n má gbowó lọ́wọ́ yín o, torí ọwọ́ wọn ni ẹ̀dà tó dáa wà.

Ìyá_Tádé_Peckham
Ẹ kú iṣẹ́ o gbogbo yín. Iṣẹ́ wíwá fíìmù àtijọ́ fáwọn tó ń ṣe dọkumẹ́ńtárì ni mo ń jẹ níbí. Ọmọ Bẹẹrẹ, ìwé tí wọ́n fi ránṣẹ́ sí ẹ yẹn, ẹni tó ń kọ kátálọ́ọ̀gì ló kọ ọ́, ó lè jẹ́ ogójì ọdún lẹ́yìn tí wọ́n ya fíìmù náà, ó jókòó sídìí tábìlì ó ń wò ó, ohun tó rí ló kọ. Kì í ṣe ìwé tó bá fíìmù wá láti Nàìjíríà. Nítorí náà má dúró síbẹ̀. Béèrè ìwé oníkámẹ́rà. Àwọn kámẹ́ràmáànù ológun Bírítéènì nígbà ogun Hitler, gbogbo rólù tí wọ́n bá yà ni wọ́n máa ń kọ ìwé tì, ọjọ́, ibi, ohun tó ń ṣẹlẹ̀, nígbà mìíràn orúkọ ẹni tó wà níbẹ̀, ọ̀pọ̀ ẹ̀ sì wà ní Imperial War Museum, ilé tí wọ́n ń kó ohun ogun pamọ́ sí ní Lọ́ńdọ̀nù, títí di òní. Ẹni tó bá ń wá bàbá ẹ̀ tó lọ jagun ní Burma, ibẹ̀ ni kó ti bẹ̀rẹ̀.

Ti àwọn fíìmù ìjọba amúnisìn, kátálọ́ọ̀gì Colonial Film wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì láti 2010, fíìmù tó lé ní 6,000 ló wà nínú ẹ̀, díẹ̀ ni èèyàn lè wò níbẹ̀ ṣùgbọ́n àlàyé wà lórí àwọn yòókù. Sọ fún wọn pé kí wọ́n ya fọ́tò agolo tí fíìmù náà wà nínú ẹ̀ fún ẹ. Mo ti rí agolo tí ẹnì kan fi pẹ́ńsù kọ orúkọ abúlé sí ìdérí ẹ̀, orúkọ yẹn ò sí nínú kátálọ́ọ̀gì rárá. Tún béèrè àjẹkù, ìyẹn àwọn tí wọ́n gé kúrò nígbà tí wọ́n ń to fíìmù náà. Inú àjẹkù lo ti lè rí i pé obìnrin yẹn dìde, ó gba iwájú ṣọ́ọ̀bù kan tó ní síńbọ́ọ̀dù kọjá.

Ohun kan ṣì kù. Tí o bá rí ẹ̀dà tó ní ohùn níbì kan, má gbára lé e. Láìgba ohùn ni wọ́n fi ń ya ọ̀pọ̀ fíìmù 16mm ìgbà yẹn, ìlù àti ariwo ọjà tí ẹ ń gbọ́, wọ́n lè ti lẹ̀ ẹ́ mọ́ ọn ní Lọ́ńdọ̀nù.

Alákòókò_Ìdànrè
Èmi fẹ́ kọ́kọ́ béèrè, ta ló sọ fún yín pé Ìbàdàn ni? Ẹ rí kòkó ẹ rí obìnrin, ẹ ti ní Ìbàdàn. Kòkó pọ̀ ní Ìdànrè, ó pọ̀ l'Óǹdó, ó pọ̀ n'Ílé Ifẹ̀ àti Iléṣà, gbogbo ibẹ̀ làwọn obìnrin ti ń ṣa á. Lọ wo àpò. Wọ́n máa ń tẹ lẹ́tà sára àpò kòkó, ìnspẹ́kítọ̀ á yẹ̀ ẹ́ wò kó tó fi òǹtẹ̀ gírédì lù ú. Tí o bá rí orúkọ bọ́ọ̀dù tó ń ra kòkó, ìyẹn á mú ọdún fún ẹ: bọ́ọ̀dù tó wà fún gbogbo Nàìjíríà bẹ̀rẹ̀ ní 1947, nígbà tó di 1954 wọ́n pín in, Western Region ní tiẹ̀. Àpò tó bá ní Western Region lára ò lè ṣáájú 1954.

Kí o tún wo òṣùwọ̀n yẹn. Ṣé òṣùwọ̀n ńlá tí wọ́n ń gbé àpò lé ni àbí páànù? Tó bá jẹ́ páànù, àwọn tó ń lọ ra kòkó díẹ̀díẹ̀ lóko nìyẹn, a jẹ́ pé abúlé lo ń wò, kì í ṣe sítọ́ọ̀ ńlá. Wo ojú wọn pẹ̀lú. Tí o bá rí ìlà ẹyọ kan tó nípọn lóròó ní ẹ̀rẹ̀kẹ́ méjèèjì, apá Oǹdó ni kí o kọ́kọ́ wò. Tó bá jẹ́ àbàjà, apá Ọ̀yọ́ sí Ìbàdàn.

Ọmọ_Bẹẹrẹ
Ẹ ṣé gan-an. Lẹ́tà wà lára àpò ṣùgbọ́n ó ṣe bàìbàì, màá tún un wò. Páànù ni òṣùwọ̀n yẹn o, bàbá, ẹ ti dẹ́rù bà mí. Ìlà ojú obìnrin yẹn ò fi bẹ́ẹ̀ hàn. Àdìrẹ ló ró, mo lè rí ojú èèyàn méjì nínú róbótó kan láàárín aṣọ náà, tí òdòdó yí wọn ká.

Ṣadé_Àdìrẹ
Olóba nìyẹn! Ọba òyìnbó George Karùn-ún àti ìyàwó ẹ̀ ló wà nínú róbótó yẹn, jùbílì 1935 ni wọ́n tìtorí ẹ̀ yà á sára àdìrẹ, ó wá di aṣọ tí gbogbo èèyàn ń rà. Ìyá ìyá mi l'Abẹ́òkúta ní páálí tí wọ́n fi ń tẹ irú ẹ̀. Nítorí náà 1935 ni fíìmù ẹ.

Alákòókò_Ìdànrè
Ṣadé ọmọ mi, rárá. 1935 ni aṣọ yẹn ò lè ṣáájú. Ìyá wo ló ń ra aṣọ kó má tọ́jú ẹ̀ sínú àpótí fún ogún ọdún? Wọ́n sì ń tẹ̀ ẹ́ jáde lọ nígbà tí ọba yẹn ti kú tipẹ́. Bákan náà ni àdìrẹ Ìbàdàndùn tó ní òpó gbọ̀ngàn Mápó n'Ìbàdàn lára, gbọ̀ngàn yẹn ṣí ní 1929, aṣọ tó ní òpó ẹ̀ ò lè ṣáájú ìgbà yẹn, ṣùgbọ́n ẹ lè rí i lára èèyàn lónìí. Ẹni tó bá ń ṣa kòkó gan-an, aṣọ tó ti gbó ló máa wọ̀ lọ síbi iṣẹ́.

Ṣadé_Àdìrẹ
Mo gbà bẹ́ẹ̀ bàbá. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kó fi àwòrán ẹ̀ hàn wá tó mọ́, ọwọ́ aláró yàtọ̀ síra, mo mọ àwọn ìyá tó lè wò ó kí wọ́n sọ bóyá Abẹ́òkúta ni wọ́n ti tẹ̀ ẹ́ tàbí Ìbàdàn.

Àbẹ̀kẹ́_Òṣogbo
Mi ò fẹ́ dá sí i tẹ́lẹ̀ ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ Báyọ̀ ló fà á. A jókòó lọ́jọ́ kan à ń wo dọkumẹ́ńtárì kan nílé lórí rògbòdìyàn òṣèlú ìwọ̀ oòrùn, ìgbà wẹ́tiẹ̀, ẹnì kan ń sọ̀tàn pé àwọn jàǹdùkú tí olóṣèlú háyà ló ń jó ilé kiri, bó ṣe ń sọ ọ́ bẹ́ẹ̀ ni bàbá ìyá mi yọjú nínú fíìmù, wọ́n wọ dàńṣíkí, wọ́n ń rẹ́rìn-ín, èrò yí wọn ká. Ìyá mi dìde. Ìyá mi mọ ibẹ̀ torí wọ́n wà níbẹ̀ fúnra wọn, ìsìnkú ìyá àgbà kan ládùúgbò ni, oníròyìn kan ló ń kọjá tó yà wọ́n, ẹ wo àwọn onílù lẹ́yìn nínú fíìmù yẹn. Bàbá yẹn, káfíńtà ni, kò ṣòṣèlú rí. A kọ̀wé sí àwọn tó ṣe é, wọ́n dá a pa dà pé àwọn ò dárúkọ ẹnikẹ́ni, pé àwòrán láti fi ṣàpèjúwe ni. A tún kọ. Kò sí èsì. Ọmọ àwọn aládùúgbò wa kan rí i, ó pe ìyá mi pé ṣé lóòótọ́ ni.

Nítorí náà ẹ má sọ pé kò sí ẹni tó máa mọ̀. Ẹni tó mọ̀ máa ń wà, kàn jẹ́ pé ẹ̀yin ò mọ ẹni tó mọ̀. Orúkọ gan-an kọ́ ló bí wa nínú o, ká ní wọ́n fi bàbá sí abẹ́ ọ̀rọ̀ mìíràn láìdárúkọ, inú wa ì bá dùn, a ò ní àwòrán bàbá tó ń rẹ́rìn-ín, fọ́tò kan ṣoṣo tó wà nílé, wọ́n le ojú koko nínú ẹ̀.

Báyọ̀_Agéfíìmù
Ẹ pẹ̀lẹ́ ma. Ìyẹn burú, mi ò lè gbèjà ìyẹn. Ṣùgbọ́n wọ́n fi ibi tí wọ́n ti ya fíìmù pamọ́, irọ́ ni wọ́n pa. Tèmi ni pé ká fi inúure fún obìnrin náà ní ìtàn. Kò jọra wọn.

Tísà_Fẹ́mi
Báyọ̀, inúure náà máa ń dá wàhálà sílẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n sọ ti Netherlands fún yín. Ní Westerbork, àgọ́ tí àwọn Násì ti ń kó èèyàn lọ sí Auschwitz tí wọ́n ti ń pa wọ́n, ọ̀gá àgọ́ ní kí ẹlẹ́wọ̀n kan tó ń jẹ́ Rudolf Breslauer ya fíìmù ibẹ̀ ní 1944. Ọmọbìnrin kékeré kan wà nínú fíìmù yẹn tó fi aṣọ funfun wérí, ó yọjú láàárín ilẹ̀kùn ọkọ̀ ojú irin tí wọ́n fẹ́ tì, ó ń wòta. Lẹ́yìn ogun wọ́n lo ojú ọmọ yẹn káàkiri, nínú ìwé, nínú fíìmù, òun ló dúró fún gbogbo ìpakúpa àwọn Júù, kò sì sí ẹni tó mọ orúkọ ẹ̀, wọ́n kàn gbà pé ọmọ Júù ni. Ẹ rí i, inúure ni, wọ́n ń ṣọ̀fọ̀ ẹ̀.

Oníròyìn kan, Aad Wagenaar, ló bẹ̀rẹ̀ sí í wá a ní 1992. Kò bẹ̀rẹ̀ láti ojú ọmọ náà. Nínú fíìmù kan náà wọ́n ń ti obìnrin kan kọjá lọ síbi ọkọ̀, àpótí ẹ̀ ní orúkọ àti ọjọ́ ìbí lára, wọ́n fi wé ìwé àkọsílẹ̀ àwọn tí wọ́n kó lọ, ó bọ́ sí 19 May 1944. Ọkọ̀ ọjọ́ yẹn kó àwọn Sinti àti Roma 245, ẹ̀yà mìíràn tí àwọn Násì ń pa. Ló bá wá obìnrin Sinti kan rí tó la Auschwitz já, wágùnù kan náà lòun àti ọmọ yẹn wà, ó rántí pé ìyá ọmọ náà pariwo orúkọ ẹ̀ pé kó kúrò lẹ́nu ilẹ̀kùn. Settela Steinbach, ọmọ ọdún mẹ́sàn-án. Sinti ni, kì í ṣe Júù rárá. 1994 ni wọ́n tó mọ̀, ìyẹn àádọ́ta ọdún tí àwọn èèyàn ẹ̀ tí wọ́n pa náà fi wà láìsí ojú kan tí wọ́n lè tọ́ka sí.

Nítorí náà Ọmọ Bẹẹrẹ, fi obìnrin yẹn sílẹ̀ fún ìgbà díẹ̀, lọ wo ohun tó yí i ká. Bàbá Ìdànrè ti sọ ọ́, àpò ni.

Kúnlé_Houston
Tísà, ẹ gbayì. Èyí tó kàn wá gan-an tún wà níbí. Fíìmù ẹ̀ka iṣẹ́ àgbẹ̀ ìjọba Amẹ́ríkà kan wà, 1938 ni wọ́n gbé e jáde, ìyá arúgbó kan yọ nínú ẹ̀ ní Alabama fún ìgbà díẹ̀. Ọdún 2019 ni olùwádìí kan láti yunifásítì Newcastle, Hannah Durkin, kọ ọ́ jáde pé Redoshi nìyẹn, ọ̀kan nínú àwọn ẹrú tí ọkọ̀ Clotilda kó dé Amẹ́ríkà ní 1860 láti etíkun tí à ń pè ní Benin lónìí. Ọkọ̀ tó kó Kossola, tí wọ́n mọ̀ sí Cudjo Lewis, ọmọ Yorùbá láti apá Bantè, náà nìyẹn. Fíìmù yẹn ti wà nílẹ̀ láti bí ọgọ́rin ọdún, lórí ọ̀rọ̀ iṣẹ́ oko. Ẹni tó ń wá nǹkan oko ló ń wò ó, ẹni tó ń wá ìtàn ẹrú ò débẹ̀.

Ajíbọ́lá_Òjé
Ẹ jẹ́ ká sọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é nílé. Mo ti bá ẹgbẹ́ kan gbé fíìmù àtijọ́ kiri agbo ilé n'Ìbàdàn rí, Òjé, Ìsàlẹ̀ Ọṣìn, Mápó. Ẹ má kọ́kọ́ ju fídíò sórí WhatsApp o. Kí ilẹ̀ tó mọ́ ẹ máa ní ìdílé mẹ́ta tó ní ìyá àwọn ni, wọ́n á máa bára wọn jà, àwọn kan á ti gbọ́ pé owó Òyìnbó wà nídìí ẹ̀. Ẹ gbé e lọ sí agbo ilé, ẹ lọ kí baálé ilé, kí àwọn ìyá àgbà jókòó, kí ojú fídíò tóbi, fóònù ò dáa fún ojú arúgbó, a fi pírójẹ́tọ̀ sára ògiri lálẹ́ ni.

Bẹ́ẹ̀ náà lẹ ò gbọdọ̀ bi wọ́n pé "ṣé ẹ mọ obìnrin yìí?" Ẹ jẹ́ kó máa lọ, ẹ máa wo ẹnu wọn. Èyí tó mọ̀ ọ́n á sọ̀rọ̀ kí ẹ tó béèrè, á kígbe orúkọ. Lẹ́yìn ìyẹn kí ẹ bi í ní ohun tí kò sí nínú fíìmù, pé ọmọ agbo ilé wo ni, ta lọkọ ẹ̀, ibo ló ti ń ṣa kòkó, kí ẹ lọ bi ẹlòmíì ní ìbéèrè kan náà lọ́tọ̀. Tí ìdáhùn méjèèjì bá pàdé, ó sàn. Ìyá kan fi ìka kan ògiri, "Ràfátù rèé, ó gbé ọmọ mi pọ̀n", ọmọ ẹ̀ tó pọ̀n sì wà níbẹ̀, ó ti hu ewú, ó ń bẹ̀ wá pé ká dá a pa dà sẹ́yìn ká tún fi hàn òun. Ẹ gbé ẹ̀dà kan fún ìdílé lọ́fẹ̀ẹ́, ẹ má jẹ́ kí wọ́n béèrè.

Adétutù_Skánà
Àwọn tó ń tún fíìmù ṣe bíi tèmi ní ọ̀rọ̀ tiwa. Ọmọ Bẹẹrẹ, o ní ìlà ojú ẹ̀ ò hàn. Ṣé o ti fi AI kankan mú fíìmù yẹn mọ́lẹ̀? Bí bẹ́ẹ̀ ni, pa dà síbi ẹ̀dà tí wọ́n fún ẹ. Àwọn sọ́fítíwià tó ń pa ìlà tó fà sára fíìmù rẹ́, mo ti rí èyí tó pa àbàjà rẹ́ mọ́ ọn, ó rí i bí ibi tí fíìmù ti họ, ó fi awọ ara dídán bò ó. Èyí tó ń mú ojú tó ṣe bàìbàì mọ́, ojú ẹlòmíì ló ń yà sí i. O máa gbé ojú tí kò sí láyé yìí lọ sí agbo ilé Ajíbọ́lá.

Ẹ tún máa ṣọ́ra fún fíìmù tí wọ́n yí sódì. Tí wọ́n bá gbé e sínú skánà lódì, ọ̀tún á di òsì. Ọkọ̀ lèmi fi máa ń mọ̀, apá òsì la ń gbà wakọ̀ ní Nàìjíríà títí di 2 April 1972. Tí o bá rí mọ́tò ìgbà Òyìnbó tó ń gba ọ̀tún, tí síńbọ́ọ̀dù náà sì ṣòro kà, wọ́n ti yí i.

Bọ́lá_Afọwọ́sọ̀rọ̀
Mò ń kọ́ àwọn ọmọ tí kò gbọ́ràn. Ẹ lè mú ibi tí obìnrin yẹn ti sọ̀rọ̀ fún ẹni tó mọ ẹnu wò, àwọn tó ṣe fíìmù ogun àgbáyé kìíní tó jáde ní 2018 láti inú àkójọ Imperial War Museum háyà irú wọn. Ṣùgbọ́n kó jẹ́ ẹni tó ń sọ Yorùbá o, kí ẹ sì má retí púpọ̀, ohùn òkè àti ti ìsàlẹ̀ ò hàn lẹ́nu. Ẹ̀tè tó pa dé lẹ máa rí, p àti b àti m, ìyókù àbá ni. Tí ẹni tó ń wò ó bá fún yín ní odidi gbólóhùn tó lẹ́wà, ẹ fura.

Báyọ̀_Agéfíìmù
Ó dáa, ẹ ti bá mi jà tó. Kí ẹ má dárúkọ. Ṣùgbọ́n èwo lẹ fẹ́ kó ṣe báyìí, kó gé obìnrin náà dànù? Mo gbọ́ tó ní ó ń ṣe òun bíi pé kò fẹ́ kí wọ́n ya òun. Tó bá gé e, àwọn tó ń rẹ́rìn-ín fún Òyìnbó nìkan ló máa kù, gbogbo ayé á rò pé bí wọ́n ṣe gba kámẹ́rà nìyẹn.

Àbẹ̀kẹ́_Òṣogbo
Lórí èyí mo wà lẹ́yìn Báyọ̀, ẹ má jẹ́ kó yà yín lẹ́nu. Fi í sílẹ̀, kí o fi gbogbo ẹ̀ sílẹ̀, títí dé ibi tó ti kẹ̀yìn sí i. Má gé e sí ibi tó ti gbójú sókè kí o wá fi orin tì í.

Lọ́yà_Ìkẹjà
Èmi ò gbà tán. Ojú lásán kọ́ nìyẹn, ẹni tó ń kọ̀ ni. Òfin ò dí i lọ́wọ́, mo ti sọ bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ká ní òun nìyá mi mi ò ní fẹ́ kó wà lára pósítà. Kó wà nínú fíìmù, ó dáa. Kó má di fọ́tò tí wọ́n fi ń polówó.

Ọmọ_Bẹẹrẹ
Ẹ dákun, mo ṣẹ̀ṣẹ̀ dé. Mo pa dà sí ẹ̀dà àkọ́kọ́ bí Adétutù ṣe wí, mo yí i pa dà sọ́tùn-ún sósì, lẹ́tà ara àpò bá jẹ́ kíkà. Wọ́n ti yí i sódì lóòótọ́! W kan wà níbẹ̀, R kan tẹ̀ lé e, ìyókù wọ abẹ́ àpò kejì. Tó bá jẹ́ Western Region, 1954 sókè nìyẹn. Mo sì rí i pé obìnrin yẹn ní ìlà, ó dà bí ẹyọ kan lóròó, mi ò fẹ́ sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ kí bàbá Ìdànrè tó rí i, mo ti fi àwòrán ẹ̀ ránṣẹ́ sí wọn àti sí Ṣadé. Mo ti sọ fún ẹ́dítọ̀ mi pé kò sí Ìyá Àdùkẹ́ mọ́. Mo sì ti yọ "Ìbàdàn" kúrò lábẹ́ ẹ̀. Kí wá ni mo máa kọ?

Mo tún ní ìbéèrè kan: ìparí fíìmù wa dé òde òní, fídíò àwọn ọmọ tó ń wọ́de EndSARS wà nínú ẹ̀, October 2020, fóònù la fi yà á, ojú wọn hàn gbangba. Ṣé ọ̀nà kan náà ni?

Ìyá_Tádé_Peckham
Kọ ọ́ báyìí: "Àwọn obìnrin tó ń ṣa kòkó, ìwọ̀ oòrùn Nàìjíríà, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ lẹ́yìn 1954. A kò tíì mọ orúkọ wọn." Má yọ "tíì" yẹn. Kí o fi í sínú àwọn orúkọ tó ń gun òkè níparí fíìmù náà, láàárín àwọn tó kópa, má tì í sísàlẹ̀ pátápátá níbi tí ẹ ti ń dúpẹ́ lọ́wọ́ báńkì. Fi ímeèlì kan sí i pé ẹni tó bá mọ ẹnikẹ́ni kó kọ̀wé. Ohun tí o bá rí, kọ ọ́ ránṣẹ́ sí ilé ìkófíìmù yẹn pẹ̀lú, títí kan pé skánà wọn yí i sódì, kí ẹni tó máa rà á lẹ́yìn ẹ má bẹ̀rẹ̀ látòdo. Àwọn kan máa ń ṣe é kíá, àwọn kan ẹ máa kọ ọ́ títí.

Lọ́yà_Ìkẹjà
Ti EndSARS, rárá, kì í ṣe ọ̀nà kan náà. Alààyè ni wọ́n, òmíràn nínú wọn ò tíì fẹ́ kí ọ̀gá ibi iṣẹ́ òun mọ̀, òmíràn sì lè jẹ́ ẹni tí wọ́n ń wá. Bo ojú ẹnikẹ́ni tí kò bá fún ẹ láṣẹ, ohun èlò tó ń bo ojú wà lórí YouTube gan-an láti 2012, ṣùgbọ́n inú ẹ́dítì ni kí o ti ṣe é, kí o má fi ẹ̀dà tí ojú wà sórí íntánẹ́ẹ̀tì rárá. Wo aṣọ àti tàtúù pẹ̀lú, ojú nìkan kọ́ ni wọ́n fi ń mọ èèyàn. Kí o gé ohùn ẹni tó bá pe orúkọ ẹlòmíì.

Alákòókò_Ìdànrè
Mo ti rí àwòrán náà. Ìlà Oǹdó ni lójú tèmi, ṣùgbọ́n ọmọ Oǹdó kún gbogbo oko kòkó nígbà yẹn, kò ní kó jẹ́ Oǹdó ni wọ́n ti yà á. Igi tó wà lẹ́yìn òṣùwọ̀n yẹn ni mo ń wò báyìí, àti òkè kan tó yọ lẹ́yìn ẹ̀. Ṣé o lè gbé gbogbo ìgbà tí òkè yẹn fi hàn ránṣẹ́, kí o yí i bó ṣe yẹ kó tó dé ọ̀dọ̀ mi? Ẹnì kan wà ní Aládé tó máa mọ òkè yẹn.